Èsì: Ǹjẹ́ a ṣì lè pe Don Jazzy ní olùgbéorinjáde?
Ẹ̀gbọ́n mi, ẹ kú ìbéèrè. Ẹ ní ṣé a ṣì lè pe Don Jazzy ní olùgbéorinjáde, nígbà tí kì í fúnra rẹ̀ to ìlù ọ̀pọ̀ orin ilé-iṣẹ́ rẹ̀ mọ́. Lójú tèmi, a lè pè é bẹ́ẹ̀, àmọ́ iṣẹ́ náà ti yí padà mọ́ ọn lọ́wọ́.

Nígbà tí òun àti olórin D'banj dá ilé-iṣẹ́ orin Mo' Hits sílẹ̀ ní 2004, orí àwo orin ni owó wà. Ní Tákìé níhìn-ín ní Ògbómọ̀ṣọ́, níbi tí mo ti ń ta àwo nígbà náà, àwọn oníbàárà a máa dá iṣẹ́ rẹ̀ mọ̀ kí olórin tó la ẹnu, nítorí pé orúkọ rẹ̀ ni wọn yóò kọ́kọ́ gbọ́ (àwọn kan tilẹ̀ rò pé òun ló ń kọrin!). Àwọn méjèèjì pínyà ní 2012, Don Jazzy sì dá ilé-iṣẹ́ orin Mavin sílẹ̀ lọ́dún náà gan-an, ní àkókò tí fóònù ti ń gba oúnjẹ lẹ́nu àwa alátẹ àwo.

Ibẹ̀ ni mo ti rí ọgbọ́n rẹ̀: ó fi àyè sílẹ̀ fún àwọn ọ̀dọ́ tó mọ ìlù ìgbà tuntun, débi pé “Calm Down”, orin Rema tó jẹ́ olórin Mavin, tó jáde ní 2022 tó sì gba ayé kan, Andre Vibez àti London ló to ìlù rẹ̀. Ní 2024, ilé-iṣẹ́ orin àgbáyé Universal Music Group kéde pé àwọn ń ra ìpín tó pọ̀ jù nínú Mavin. Èmi ò fẹ́ràn gbogbo orin wọn o, ṣùgbọ́n etí Don Jazzy ló ṣì ń yan àwọn tó ń kọ ọ́.