MiG wo ló wà nínú fọ́tò bàbá mi?

Ìbéèrè: Ẹ kú iṣẹ́ o, ẹ̀yin ọ̀gá. Bàbá mi ṣe mẹkáníìkì nínú iṣẹ́ ológun òfurufú Nàìjíríà nígbà ogun abẹ́lé. Nínú àpótí wọn la ti rí fọ́tò dúdú-òun-funfun kan: àwọn fúnra wọn rèé, wọ́n dúró ti bààlúù kan tí imú rẹ̀ là gbàgà bí ẹnu ìkòkò. "MiG, 1969" nìkan ni wọ́n kọ sẹ́yìn rẹ̀. Ẹ̀gbọ́n mi ní MiG-15 ni, ọ̀rẹ́ mi ní MiG-21 ni. Mo wo fọ́tò lórí íntánẹ́ẹ̀tì títí ojú fi ń ro mí, ọ̀kan náà ni gbogbo wọn jọ lójú mi. Báwo ni mo ṣe lè mọ èyí tó jẹ́?

Ìdáhùn: MiG ni orúkọ àwọn bààlúù ajagun kan tí Sófíẹ́ẹ̀tì ṣe. Ẹ fi imú sílẹ̀, òun ló ń dà yín láàmú. Láti orí MiG-15 dé orí MiG-21, imú ni gbogbo wọn fi ń mí: ihò ńlá iwájú yẹn ni afẹ́fẹ́ ń gbà lọ bá ẹ́ńjìnnì. Apá ni kí ẹ wò. Lókè apá kọ̀ọ̀kan, ẹ ó rí irin pẹlẹbẹ tó nàró bí ìgànná kúkúrú, tó gùn láti iwájú apá lọ sẹ́yìn. Ẹ kà á. Tó bá jẹ́ méjì lórí apá kan, MiG-15 ni. Tó bá jẹ́ mẹ́ta, MiG-17 ni. Tó bá jẹ́ ẹyọ kan péré, tó ga dáadáa, tí ihò èéfín tó wà ní ìdí bààlúù náà sì jẹ́ méjì, MiG-19 ni.

Ẹ jẹ́ ká kọ́kọ́ dá ọ̀rẹ́ yín lóhùn, torí tirẹ̀ kò le. Ọdún 1975 ni MiG-21 dé Nàìjíríà, ogun sì ti parí láti oṣù kìíní ọdún 1970. Bí ohun tí bàbá yín kọ sẹ́yìn fọ́tò bá tọ̀nà, kì í ṣe MiG-21. Yàtọ̀ sí ìyẹn, apá MiG-21 jẹ́ onígun mẹ́ta, irin ṣóńṣó kan sì wà láàrin ihò imú rẹ̀ tí ojú kò lè fò. MiG-17 ló wọ Nàìjíríà ní 1967, pẹ̀lú ìwọ̀nba MiG-15UTI, èyí tí wọ́n fi ń kọ́ awakọ̀. Nítorí náà, ẹ̀gbọ́n yín kò jìnnà sóòótọ́, ṣùgbọ́n mẹ́ta ni mo rò pé ẹ máa kà lórí apá yẹn.

Kí ni ìgànná wá ń ṣe lórí apá bààlúù? Bí bààlúù bá ń sáré dé ẹ̀bá ìyára ohùn, apá tó nà tààrà a máa fún un ní wàhálà. Àwọn ará Jámánì ti ṣe ìwádìí nígbà Ogun Àgbáyé Kejì pé bí a bá dà apá sẹ́yìn, wàhálà yẹn máa pẹ́ kó tó dé. Dígírì 35 ni wọ́n dà ti MiG-15 sẹ́yìn. Àmọ́ àrùn mìíràn gba ẹ̀yìn yọ. Afẹ́fẹ́ kì í gba orí apá bẹ́ẹ̀ lọ tààrà, ó máa ń yọ̀ lọ sí ṣóńṣó apá. Nígbà tí awakọ̀ bá dẹ ìyára kù tó sì gbé imú sókè láti balẹ̀, ṣóńṣó ló máa kọ́kọ́ pàdánù agbára tó gbé bààlúù ró. Ibẹ̀ gan-an sì ni àwọn pátákó tí awakọ̀ fi ń dà bààlúù sọ́tùn-ún sósì wà. Ọwọ́ ò ní ràn mọ́, imú á ta sókè lójijì. Ìgànná yẹn ló ń dí ọ̀nà mọ́ afẹ́fẹ́ tó fẹ́ yà sẹ́gbẹ̀ẹ́. Nígbà tí MiG-17 dé, wọ́n dà apá sẹ́yìn jù bẹ́ẹ̀ lọ, dígírì 45 nítòsí ara, 42 níta, ìgànná méjì kò sì tó mọ́.

Apá nìkan kọ́ ni wọ́n yá lọ́wọ́ ẹlòmíràn. Mikoyan àti Gurevich, tí orúkọ wọn di MiG ("i" tó wà láàrin ni "àti" lédè Rọ́ṣíà), ní àwòrán apá, wọn kò ní ẹ́ńjìnnì tó lágbára. Ní 1946, ìjọba Attlee ní Lọ́ńdọ̀nù fọwọ́ sí i pé kí Rolls-Royce ta ẹ́ńjìnnì Nene fún Sófíẹ́ẹ̀tì. Títí dòní, ọjà yẹn ṣì ń ya ènìyàn lẹ́nu. Iléeṣẹ́ Klimov tú u palẹ̀, wọ́n ṣe irú rẹ̀, wọ́n pè é ní RD-45. Nígbà tó yá ni wọ́n tún un ṣe di VK-1, agbára ìtì rẹ̀ sì kúrò ní 2,270 kìlógíráàmù bọ́ sí 2,700. MiG-15 kọ́kọ́ gbéra ní ọjọ́ 30 oṣù kejìlá ọdún 1947. Nígbà tó fi máa di oṣù kọkànlá ọdún 1950, ó ti wà lójú òfurufú Kòríà. Ó ń gòkè bí ẹyẹ àwòdì, ṣùgbọ́n kò fẹ́ràn eré àsápajúdé: bó bá ti dé Mach 0.92 (Mach 1 ni ìyára ohùn), bíréèkì afẹ́fẹ́ tó wà lẹ́gbẹ̀ẹ́ ìrù á ṣí fúnra rẹ̀, kí awakọ̀ má baà lọ síbi tí bààlúù kò ti ní gbọ́ tirẹ̀ mọ́.

Ká padà sórí fọ́tò. Bí a kò bá rí òkè apá ńkọ́, torí ilẹ̀ ni ẹni tó yà á dúró sí? Ẹ wo abẹ́ ìrù. MiG-17 ní irin pẹlẹbẹ kékeré kan tó yọ sísàlẹ̀ níbẹ̀ bí lẹbẹ ẹja. MiG-15 kò ní. Ẹ tún ka ìjókòó. Sófíẹ́ẹ̀tì kò ṣe MiG-17 oníjókòó méjì rárá. Àwọn ará Ṣáínà ló ṣe tiwọn, JJ-5. Nítorí náà, bí gíláàsì orí bààlúù náà bá gùn, tí ìjókòó méjì tò tẹ̀léra wọn lábẹ́ rẹ̀, MiG-15UTI ni, ẹ̀gbọ́n yín ló jàre.

Ẹ má fi ibọn dá ọ̀ràn 15 àti 17 yìí o. Bákan náà ló rí nínú MiG-15 oníjókòó kan àti MiG-17 tó wọ́pọ̀: ọ̀kan tó jẹ́ mìlímítà 37, pẹ̀lú ọta 40, àti méjì tó jẹ́ mìlímítà 23, ọta 80 fún ọ̀kọ̀ọ̀kan. Ṣùgbọ́n ibọn lè sọ nǹkan mìíràn fún yín. Èyí tó tóbi wà ní ọwọ́ ọ̀tún awakọ̀, kékeré méjì wà lósì. Bí ti fọ́tò yín bá yí padà, wọ́n ti da fíìmù náà kọ nígbà tí wọ́n ń fọ̀ ọ́ nìyẹn, kì í ṣe pé bààlúù náà ṣàjèjì. Ẹ sì wo abẹ́ àgbọ̀n rẹ̀ dáadáa, pàápàá tó bá jẹ́ ẹ̀gbẹ́ imú ni bàbá yín dúró sí. Orí pẹpẹ irin kan ṣoṣo ni ibọn mẹ́tẹ̀ẹ̀ta àti àpótí ọta wọn wà. Okùn wáyà ni àwọn mẹkáníìkì fi ń sọ ọ́ kalẹ̀, wọ́n á kó ọta sí i, wọ́n á nu ibọn, wọ́n á tún fi wáyà fà á padà sókè. Bí nǹkan bíi tábìlì bá ń rọ̀ lábẹ́ imú yẹn, iṣẹ́ ni wọ́n ń ṣe lọ́wọ́ nígbà tí wọ́n ya fọ́tò náà.

Àṣìṣe tó wọ́pọ̀ ni kí ènìyàn ka ìgànná apá méjèèjì pọ̀, kó wá sọ pé mẹ́fà ni. Òmíràn ni kí a ka táǹkì epo tó rọ̀ lábẹ́ apá mọ́ ìgànná. Abẹ́ ni táǹkì ń gbé, òkè ni ìgànná wà.

Lẹ́tà tó bá tẹ̀ lé nọ́ńbà náà nítumọ̀. F dúró fún forsazh: wọ́n tún ń fín epo sínú èéfín gbígbóná ní ìdí ẹ́ńjìnnì, kí agbára lè pọ̀ sí i. Epo ń lọ gan-an bí awakọ̀ bá tàn án. Ẹnu ihò èéfín MiG-17F yọ síta díẹ̀, ẹ lè rí i tí fọ́tò bá mọ́lẹ̀. P jẹ́ ti èyí tó ń lọ pàdé bààlúù ọ̀tá, U jẹ́ ti ẹ̀kọ́. Fresco tí ẹ ó máa rí lórí íntánẹ́ẹ̀tì kì í ṣe orúkọ Rọ́ṣíà. NATO, àjọ ológun Amẹ́ríkà àtàwọn ọ̀rẹ́ rẹ̀, ló sọ MiG-17 bẹ́ẹ̀: F ló bẹ̀rẹ̀ orúkọ náà torí pé ó jẹ́ ajagun, ìró méjì ló sì ní (Fres-co) torí pé jẹ́ẹ̀tì ni. Bear, orúkọ tí wọ́n fún bààlúù Tu-95, jẹ́ ìró kan torí pé àjẹ̀ tó ń yí níwájú ẹ́ńjìnnì ló fi ń fò.

Tí ẹ bá ní ẹbí ní ìpínlẹ̀ Ohio, ẹ ní kó yà lọ sí mùsíọ́ọ̀mù ológun òfurufú Amẹ́ríkà ní Dayton. MiG-15 tí awakọ̀ kan, No Kum-Sok, gbé sá láti Àríwá Kòríà lọ sí pápá òfurufú Kimpo ní Gúúsù Kòríà ní ọjọ́ 21 oṣù kẹsàn-án ọdún 1953 wà níbẹ̀, MiG-17 náà wà níbẹ̀. Kó ya apá àti abẹ́ ìrù méjèèjì wá fún yín, kí ẹ gbé e ti fọ́tò bàbá yín.