Coretta Scott King: ilé ni tàbí ìjà ẹ̀tọ́?

ÌBÉÈRÈ: Ẹ̀yin Olóòtú, mo kí yín. Ohun tí mo ń kà nípa Martin Luther King, aṣáájú ìjà ẹ̀tọ́ àwọn aláwọ̀ dúdú ní Amẹ́ríkà, kò kọjá ti ọkọ. Báwo ni Coretta, ìyàwó rẹ̀, ṣe ń tọ́ ọmọ mẹ́rin nígbà tí ọkọ ń wọ ẹ̀wọ̀n léraléra? Ṣé òun náà jà, àbí ilé ló kàn ń ṣọ́?

ÈSÌ: Ó jà, ó sì ṣọ́ ilé, ṣùgbọ́n kò ríbi pín méjèèjì sọ́tọ̀ọ̀tọ̀, nítorí ìjà náà bá a wọlé. Yolanda, àkọ́bí wọn, kò tíì pé oṣù kan nígbà tí àwọn aláwọ̀ dúdú ìlú Montgomery, ní ìpínlẹ̀ Alabama, kọ̀ láti wọ bọ́ọ̀sì mọ́ ní oṣù Kejìlá, 1955, nítorí ìyàsọ́tọ̀ tí wọ́n ń ṣe fún wọn nínú rẹ̀. Ní alẹ́ ọjọ́ 30 oṣù Kìíní, 1956, tí ọkọ wà níbi ìpàdé, Coretta àti ọ̀rẹ́ rẹ̀ kan gbọ́ tí nǹkan wó lulẹ̀ ní ìloro. Bí wọ́n ti ń sáré lọ sẹ́yìn ilé, níbi tí ọmọ sùn sí, ni àdó olóró bú gbàù. Bàbá Coretta wá láti mú un padà sílé, ó kọ̀.

Ọdún 1963 tún le ju bẹ́ẹ̀ lọ. Bernice, àbígbẹ̀yìn wọn, jẹ́ ọmọ bí ọ̀sẹ̀ méjì nígbà tí wọ́n ti bàbá rẹ̀ mọ́lé ní Birmingham, ní Alabama, láìjẹ́ kó bá ẹnikẹ́ni sọ̀rọ̀. Ìyá tí ara rẹ̀ kò tíì mókun láti ibi ìkúnlẹ̀ ló gbé fóònù, tó pe White House láti wádìí àlàáfíà ọkọ, Ààrẹ Kennedy fúnra rẹ̀ sì pè é padà.

Ká má fọ̀rọ̀ bọpo bọyọ̀, King gan-an fẹ́ kí ìyàwó òun jókòó sílé tọ́mọ. (Ẹni tó ní kí wọ́n yọ ìlérí ìgbọràn sọ́kọ kúrò nínú ẹ̀jẹ́ ìgbéyàwó wọn ní 1953 ló ń bá sọ̀rọ̀ o!) Coretta lọ sí Geneva ní 1962 pẹ̀lú àwọn obìnrin tó ń tako dídán àdó olóró átọ́míìkì wò, orin tó kọ́ ní Boston ló sì ń kọ káàkiri láti 1964, kí owó lè wọlé fún SCLC, ẹgbẹ́ tí ọkọ rẹ̀ ń darí.

Ọjọ́ mẹ́rin lẹ́yìn tí wọ́n yìnbọn pa King ní 1968, kí wọ́n tó sin ín, ó kó mẹ́ta nínú àwọn ọmọ náà dání, ó síwájú ìwọ́de ní Memphis, ìlú tí wọ́n ti pa á. Ọdún yẹn náà ló dá King Center, ibùdó ìrántí ọkọ rẹ̀, sílẹ̀, ó sì ń béèrè pé kí ìjọba ya ọjọ́ ìbí ọkọ òun sọ́tọ̀ fún ìsinmi títí Ààrẹ Reagan fi buwọ́ lu òfin rẹ̀ ní 1983.