Èsì: Ṣé Charlie Chaplin, aláwàdà inú fíìmù àtijọ́ yẹn, ló kọ́kọ́ ṣe fíìmù ẹ̀rín tí ò ní ohùn?
Rárá o ẹ̀gbọ́n, Chaplin ṣì kéré nígbà yẹn, 1914 ló tó bẹ̀rẹ̀ fíìmù. Tẹ̀gbọ́n-tàbúrò Lumière, àwọn tó ń ṣe fíìmù nílẹ̀ Faransé, ti ṣe ọ̀kan ní 1895, kò tiẹ̀ tó ìṣẹ́jú kan. Bàbá kan ń bomi rin ọgbà, ọmọ kan yọ́ wá sẹ́yìn ẹ̀ ó fẹsẹ̀ tẹ rọ́bà omi mọ́lẹ̀, omi dá, bàbá wá ń yojú wo ẹnu rọ́bà, lọmọ bá gbẹ́sẹ̀ kúrò, fààà! omi bò ó lójú, fìlà já bọ́. Èyí tó ń pa mí lẹ́rìn-ín jù ni pé ọmọ yẹn sá lọ, bàbá mú un, ó tún wọ́ ọ padà wá síwájú kámẹ́rà kó tó nà án nídìí, torí kámẹ́rà yẹn dúró sójú kan ni, kò lè lé wọn lọ.