Ìbéèrè Yín, Ìdáhùn Wa: Kí ló gbé àwọn dókítà Delhi dé ojú títì?

ÌBÉÈRÈ: Ẹ kú iṣẹ́ o. Ní oṣù Kejìlá ọdún 2021 mo gbé màmá mi lọ sí Delhi fún iṣẹ́ abẹ ìbàdí. Lọ́jọ́ kan takisí wa ò lè kọjá níwájú ọsibítù ìjọba kan, àwọn ọ̀dọ́ dókítà ló kún ojú títì, òtútù ń mú gan-an àmọ́ àwọn míì bọ́ aṣọ funfun wọn, wọ́n kàn gbé e lọ́wọ́ bí ẹni fẹ́ dá a padà. Awakọ̀ ní ọ̀rọ̀ "reservation" ni, pé àwọn tí wọ́n ń yọ àyè sọ́tọ̀ fún nílé ẹ̀kọ́ ìṣègùn ló fà á, ẹjọ́ sì wà ní kóòtù. Látọjọ́ náà ni ọ̀rọ̀ yẹn ò ti kúrò lọ́kàn mi. Ṣé bíi catchment tiwa ni? Ṣé àwọn ló fà á lóòótọ́? Dókítà tó bá gba ibẹ̀ wọlé ńkọ́, ṣé ó mọṣẹ́?
Ìyá Ìbejì, Ìbàdàn

ÌDÁHÙN: Ìyá Ìbejì, ẹ kú ìtọ́jú màmá o, Ọlọ́run á jẹ́ kí wọ́n pẹ́ fún wa. Ẹ jẹ́ n yáa sọ ọ́ báyìí pé awakọ̀ yẹn ò rò ó ire. Àwọn dókítà tẹ́ ẹ rí yẹn ò sọ pé kí wọ́n fagi lé reservation, ohun tí wọ́n ń pariwo ni pé kí wọ́n tètè pín àyè fáwọn tó ti yege.

Kò jọ catchment tiwa. Tiwa, ìpínlẹ̀ téèyàn ti wá là ń wò. Tiwọn, ìdílé tí wọ́n bí ẹ sí ni, ohun tí wọ́n ń pè ní caste. Àwọn ìdílé kan wà níbẹ̀ tó jẹ́ pé látayébáyé iṣẹ́ kí wọ́n máa kó ìgbẹ́, kí wọ́n máa bó awọ òkú ẹran ni wọ́n fún wọn, àwọn aládùúgbò wọn ò sì ní jẹ́ kí wọ́n fa omi nínú kànga táwọn ń fà. Ọmọ irú ilé bẹ́ẹ̀ lè lówó lọ́wọ́ kí wọ́n ṣì máa yẹra fún un. Ìdí nìyẹn tí wọ́n fi ń yọ 15 nínú 100 àyè sọ́tọ̀ fún wọn, àti 7.5 fáwọn ẹ̀yà inú igbó àti orí òkè.

Ẹjọ́ ẹ̀ ti pẹ́ o. Ní Madras, ìpínlẹ̀ kan ní gúúsù Íńdíà láyé ọjọ́un, bí wọ́n ṣe ń pín ẹran iléyá ni wọ́n ń pín àyè: nínú 14, Híńdù tí kì í ṣe Brahmin, ìyẹn caste tó wà lókè pátápátá, gba 6, Brahmin gba 2, Mùsùlùmí gba 1, báyìí báyìí. Obìnrin Brahmin kan tó fẹ́ kọ́ṣẹ́ ìṣègùn pè wọ́n lẹ́jọ́, ó sì jàre lóṣù Kẹrin 1951. Oṣù Kẹfà ọdún yẹn náà nìjọba Nehru, olórí ìjọba Íńdíà nígbà yẹn, tún òfin orílẹ̀-èdè ṣe kí wọ́n lè máa yọ àyè sọ́tọ̀ lọ. Nígbà tí Mysore, ìpínlẹ̀ míì, wá gbé tiẹ̀ dé 68 nínú 100, kóòtù ní ó ti pọ̀ jù, kó má ju 50 lọ.

Èyí tó ká yín mọ́ títì, ìdánwò àwọn tó ti di dókítà tí wọ́n fẹ́ lọ kọ́ iṣẹ́ àkànṣe ni. Kòrónà sún un títí dé oṣù Kẹsàn-án 2021. Wọ́n ti ta fọ́ọ̀mù tán kíjọba tó wá kéde lóṣù Keje pé nínú àyè tó jẹ́ ti gbogbo orílẹ̀-èdè, 27 nínú 100 di tàwọn ẹ̀yà mìíràn tó rẹ̀yìn, ìyẹn àwọn caste tí wọ́n rẹ̀yìn àmọ́ tí kò sí lára àwọn tí mo kọ́kọ́ dárúkọ, 10 sì di ti tálákà tí kò sí lábẹ́ ètò kankan. Làwọn dókítà kan bá gba kóòtù lọ. Adájọ́ bi ìjọba pé, ẹ ní ẹni tí owó ilé ẹ̀ ò tó 800,000 rúpíì lọ́dún ni tálákà, báwo lẹ ṣe dé iye yẹn? Wọn ò rí i dáhùn, wọ́n ní kí wọ́n fún àwọn lọ́sẹ̀ mẹ́rin káwọn tún un wò, pínpín àyè bá dúró. Ibẹ̀ ló ti ń bí mi nínú, torí àwọn tó ti parí ń lọ, àwọn tuntun ò wọlé, ẹnì kan wá ń ṣiṣẹ́ èèyàn méjì ní wọ́ọ̀dù nígbà tí kòrónà tún ń rú bọ̀. Ọjọ́ 7 oṣù Kìíní 2022 ni kóòtù tó ní kí wọ́n máa pín in lọ.

Ìdí táwọn adájọ́ sọ nígbà tó yá wọ̀ mí lára gan-an: wọ́n ní máàkì ọjọ́ kan ò lè sọ irú ìrànlọ́wọ́ tọ́mọ rí kó tó débẹ̀. Ẹ wo ọmọ tí bàbá ẹ̀ jẹ́ dókítà, tó lo ọdún méjì ní lẹ́sìn ní Kota, ìlú tí wọ́n ti ń múra ọmọ sílẹ̀ fún ìdánwò, láìṣe iṣẹ́ kankan nílé, kẹ́ ẹ tún wo èyí tó jẹ́ òun lẹni àkọ́kọ́ tó kàwé nílé wọn, tó ń ti oko dé kó tó ṣíwèé. Ti 10 fún tálákà yẹn ni ò tíì tẹ́ mi lọ́rùn, torí ó yọ tálákà inú àwọn ẹ̀yà tó rẹ̀yìn sílẹ̀. Nígbà tí kóòtù tó ga jù dájọ́ ẹ̀ lóṣù Kọkànlá 2022, adájọ́ mẹ́ta gbè é, méjì ò gbè é, mo wà lẹ́yìn àwọn méjì yẹn.

Ní ti pé ṣé wọ́n mọṣẹ́, ẹnu ọ̀nà ni reservation parí sí. Tí wọ́n bá ti wọlé, òkú kan náà ni gbogbo wọn jọ ń là, máàkì kan náà ni wọ́n fi ń yege jáde. Ní Tamil Nadu, ìpínlẹ̀ kan ní gúúsù, láìka 50 tí kóòtù sọ sí, 69 nínú 100 ni wọ́n ń yọ sọ́tọ̀ látọjọ́ pípẹ́, Chennai tó jẹ́ olú ìlú wọn sì wà lára ibi táwọn èèyàn wa ń gbé aláìsàn lọ. Tẹ́ ẹ bá tún gbé màmá lọ fún àyẹ̀wò, ẹnikẹ́ni tó bá fọwọ́ kan ìbàdí wọn níbẹ̀, ó ti yege ìdánwò tí gbogbo ẹgbẹ́ ẹ̀ ṣe.