Kí ni "Kò sí ewé, kò sí òrìṣà" ń sọ gan-an?

Àbúrò, o fi fótò aṣọ kan ránṣẹ́ sí mi, aṣọ funfun tí ọ̀rẹ́ ẹ ará Bahia ní Brazil fẹ́ wọ̀ lọ síbi ọdún wọn, ó fẹ́ tẹ "Kosi ewe, kosi orixá" sí i láyà, o wá bi mí pé ẹ̀gbọ́n, ṣé Yorùbá nìyí, ṣé wọ́n ń sọ pé òrìṣà ò sí ni, àti pé ṣé lóòótọ́ ni ogun kan wà nídìí ẹ̀ tí àwọn òrìṣà bára wọn jà tìtorí ewé. Inú mi dùn pé o béèrè, torí ọ̀rọ̀ yìí jinlẹ̀, ó sì ti rìn jìnnà.

Yorùbá ni, Yorùbá pọ́ńbélé. Kò sì sọ pé òrìṣà ò sí. Tí ẹnì kan l'Ékòó bá ní "kò sí iná, kò sí omi", ṣé o máa rò pé ó ń sọ pé omi ò sí láyé mọ́ ni? Gbogbo wa la mọ̀ pé ẹ̀rọ tó ń fa omi ni ò lè ṣiṣẹ́ tí wọ́n bá ti mú iná lọ. Bẹ́ẹ̀ náà nibí. Tí ewé ò bá sí, kò sí ohun tí wọ́n máa fi wẹ òkúta òrìṣà, kò sí ohun tí wọ́n máa fi wẹ orí ìyàwó òrìṣà, èyí tí wọ́n ń pè ní iaô lọ́hùn-ún, òrìṣà ò ní rọ́nà wọlé.

Ogun yẹn wá ńkọ́? Bí wọ́n ṣe ń sọ ọ́ ní Brazil àti Cuba ni pé Ọ̀sanyìn, òrìṣà ewé, nìkan ló ni gbogbo ewé tó wà láyé, ó kó o sínú igbá kan, ó gbé igbá náà kọ́ sórí ẹ̀ka igi, òrìṣà tó bá fẹ́ wo aláìsàn tàbí tó fẹ́ agbára kún agbára, àfi kó wá tọrọ lọ́wọ́ ẹ̀. Ṣàngó ò gbà, ọba ni, kò lè máa tọrọ. Ló bá lọ sọ fún Ọya, Ọya ju yẹ̀rì ẹ̀, ìjì dé, igi mì títí igbá fi já bọ́, ewé fọ́n káàkiri ilẹ̀. Gbogbo òrìṣà ya bò ó, kálukú ń ṣa ohun tọ́wọ́ ẹ̀ bá. Ọ̀sanyìn ń pariwo "Ewé ó! Ewé ó!", ariwo yẹn náà ni wọ́n fi ń kí i ní Brazil dòní.

Ibi tí mo fẹ́ kó o dúró sí dáadáa nìyí. Wọ́n gba ewé lóòótọ́, ewé wà lọ́wọ́ wọn, ṣùgbọ́n ọ̀rọ̀ tí wọ́n fi ń jí i ò sí nínú igbá, ọ̀dọ̀ Ọ̀sanyìn ló kù sí. Torí ẹ̀ ni olórìṣà tó bá ní ewé tiẹ̀ ṣì fi gbọ́dọ̀ bẹ̀rẹ̀ lọ́dọ̀ Ọ̀sanyìn, wọ́n á kọrin fún ewé kí wọ́n tó lò ó. Ẹni tó ń lọ já a náà, ìdájí ló ń jáde, kò ní bá ẹnikẹ́ni sọ̀rọ̀ lójú ọ̀nà, ó sì máa fi owó sílẹ̀ kó tó já ewé kankan.

Tó bá jẹ́ tèmi, ìtàn tí wọ́n ń sọ nílé níbí ni mo fẹ́ràn ju ti ogun yẹn lọ. Wọ́n ní Ọ̀rúnmìlà ra Ọ̀sanyìn lẹ́rú, ó ní kó lọ ṣán oko, Ọ̀sanyìn dé oko, ó dúró, kò lè gé nǹkan kan. Èyí ń wo ibà, èyí ń wo orí fífọ́, èyí ń fa owó wọlé, èwo ni kóun gé dànù níbẹ̀? Ọ̀rúnmìlà gbọ́, ó ní kó máa jókòó ti òun látìgbà yẹn.

Nígbà tí mo wà lọ́mọdé, màmá àgbà kan wà nítòsí ilé wa, ẹlẹ́wé ọmọ ni wọ́n, àtàǹpàkò wọn méjèèjì dúdú fún oje ewé. Tí wọ́n bá fẹ́ di tẹ̀tẹ̀ fún èèyàn, wọ́n á gbé e sún mọ́ ẹnu, wọ́n á ní "tẹ̀tẹ̀ kì í tẹ́ láwùjọ ẹ̀fọ́, o ò ní tẹ́", kí wọ́n tó so ó. Gbọ́ ọ dáadáa: tẹ̀tẹ̀, tẹ́. Ohun tí wọ́n ń bẹ ewé pé kó ṣe ti wà nínú orúkọ ẹ̀. Pierre Verger, Faransé tó dé Bahia lọ́dún 1946, tó wá di babaláwo ní Kétu ti ilẹ̀ Benin, tí wọ́n sọ ọ́ ní Fátúmbí, ọ̀pọ̀ ọdún ló fi ń gba irú ọ̀rọ̀ báyìí sílẹ̀ lẹ́nu àwọn babaláwo, òun náà sì tọ́ka sí i pé bí ọfọ̀ ṣe ń ṣiṣẹ́ nìyẹn. Òun lohun tí Ọya ò lè fẹ́ já bọ́.

Omi ewé tí wọ́n fi ń wẹ̀ ní Brazil, abô ni wọ́n ń pè é. Àgbo wa náà ni. Àwa níbí, ìkòkò la sábà fi ń sè é báyìí, àwọn ṣì ń fọwọ́ gbo ó nínú omi tútù, ìṣe tó wà nínú orúkọ ẹ̀ gan-an ni wọ́n dì mú.

Ní ti aṣọ yẹn, jọ̀ọ́ sọ fún ọ̀rẹ́ ẹ kó fi àmì ohùn sí i kí wọ́n tó tẹ̀ ẹ́. Tí kò bá sí àmì, ẹlòmíì lè kà á sí "èwe", á wá di pé kò sí ọmọdé. Re-mí ni ewé. Kó kọ ọ́ báyìí: Kò sí ewé, kò sí òrìṣà.