Ìbéèrè àti Ìdáhùn: Ẹ̀gbọ́n wà ní Ìbàdàn, àbúrò wà lọ́dọ̀ Èkìtìparapọ̀

ÌBÉÈRÈ: Ẹ kú iṣẹ́ o. Mò ń kọ ìtàn àròsọ fún àwọn ọmọ ọdún 13 sí 17, ogun Kírìjì ló dá lé, èyí tí Ìbàdàn bá Èkìtìparapọ̀, ìyẹn àpapọ̀ àwọn ìlú Èkìtì àti Ìjẹ̀ṣà, jà. Wọ́n kó ẹ̀gbọ́n lẹ́rú lọ sí Ìbàdàn, ó sì di ọmọ ogun níbẹ̀. Àbúrò rẹ̀ obìnrin wà lọ́dọ̀ ìyá wọn, ní ìhà Èkìtìparapọ̀. Ẹni tó bá mi ka orí mẹ́ta àkọ́kọ́ ní ó dà bí ìwé ìtàn ilé ẹ̀kọ́, ó tún ní Ìbàdàn nìkan ló burú nínú rẹ̀. Báwo ni kí n ṣe tún un kọ?

ÌDÁHÙN: Ẹ kú iṣẹ́ ìwé. Ọ̀kan náà ni àléébù méjèèjì. Bí ẹ bá ti sọ ìhà kan di ìkà pátápátá, àwọn èèyàn inú ìtàn ò ní ohun tí wọ́n lè jiyàn lé lórí mọ́. Ẹ̀yin òǹkọ̀wé lẹ ó wá máa dìde sọ ohun tí wọ́n ṣe, ọdún tí wọ́n ṣe é àti ìdí tí wọ́n fi ṣe é. Ibẹ̀ ni ìwé ilé ẹ̀kọ́ ti ń wọlé.

Ẹ̀gbọ́n yìí ni kí ẹ kọ́kọ́ tún wò. Ká ní ọmọ ọdún mẹ́jọ ni nígbà tí wọ́n kó o. A jẹ́ pé ilé babaogun rẹ̀, ìyẹn olóyè ogun tó wà lábẹ́ rẹ̀, ní Ìbàdàn ló ti dàgbà. Babaogun ló bọ́ ọ, òun ló fún un níbọn, òun náà ló fẹ́ ìyàwó fún un. Ohùn Ìbàdàn ti wọ ẹnu rẹ̀, bóyá kò tilẹ̀ rántí orúkọ òkè tó wà lẹ́yìn ilé bàbá rẹ̀ mọ́. Síbẹ̀ ilà ojú rẹ̀ ń sọ ibi tó ti wá fún gbogbo ẹni tó bá pàdé. Irú ọmọ bẹ́ẹ̀ fẹ́ràn ẹni tó tọ́ ọ, ó sì yẹ kí ọ̀dọ́ tó ń kàwé yín fẹ́ràn ọkùnrin náà díẹ̀. Ẹ má bẹ̀rù pé èyí kò lè ṣẹlẹ̀. Ògèdèngbé Agbógungbórò, ọmọ Iléṣà tó ṣe olórí ogun Èkìtìparapọ̀, ti wà lọ́dọ̀ Ìbàdàn rí, ibẹ̀ ló ti kọ́ púpọ̀ nínú iṣẹ́ ogun tó fi bá wọn jà.

Kí àbúrò náà ní ẹ̀dùn tirẹ̀. Ẹ jẹ́ kó rántí ọjọ́ tí ìránṣẹ́ àjẹlẹ̀, ẹni tí Ìbàdàn fi ṣe alábòójútó ìlú wọn, wọ oko ìyá rẹ̀, tó wa iṣu lọ láìtọrọ. Nígbà tí Fábùnmi Òkè-Ìmẹ̀sí bá wá dìde pa àjẹlẹ̀ Ìbàdàn ní 1878, òǹkàwé á ti mọ ohun tó fà á kí ẹ tó la ẹnu.

Ohun tó ń pa ọ̀pọ̀ ìwé àfọwọ́kọ tó ń dé ọ̀dọ̀ mi ni ọ̀rọ̀ àkókò. Ogun yìí gba ọdún 16, láti 1877 sí 1893. Ọmọ ọdún 12 tó rí ìbẹ̀rẹ̀ rẹ̀ ti di ẹni ọdún 28 kó tó parí. Àwọn àgọ́ méjèèjì di ìlú, wọ́n kọ́lé síbẹ̀, wọ́n bímọ síbẹ̀. Ẹ ò lè kó gbogbo rẹ̀ sínú ìwé kan. Bó bá jẹ́ èmi, ọdún 1885 àti 1886 ni màá mú. Ààrẹ Látòósà, olórí Ìbàdàn, kú sí àgọ́ ogun ní 1885. Ní 1886, wọ́n tọwọ́ bọ ìwé àdéhùn àlàáfíà, bó tilẹ̀ jẹ́ pé ogun náà kò parí tán títí di 1893. Ìgbájọ àti ìlú mẹ́ta mìíràn bọ́ sábẹ́ Ìbàdàn nínú àdéhùn náà, ṣùgbọ́n ẹni tó bá fẹ́ kúrò níbẹ̀ lè kó lọ. Ẹ wò ó! Ìdílé kan wà ní yàrá kan ṣoṣo, wọ́n ní kí oníkálùkù yan ibi tí yóò máa gbé. Mi ò mọ ojú ìjà tó lè dun ọ̀dọ́ tó ìyẹn.

Ojú ìjà kan ṣoṣo tó. Àwọn Èkìtìparapọ̀ ní ìbọn Snider tí wọ́n ń ti ìdí kì, èyí tí àwọn ará wọn ní Èkó fi ránṣẹ́, nígbà tí ṣakabùlà tí wọ́n ń ti ẹnu kì ṣì pọ̀ lọ́wọ́ Ìbàdàn. Ìró ìbọn yẹn ni wọ́n fi sọ ogun náà ní Kírìjì. Ẹ jẹ́ kí àbúrò máa gbọ́ ìró náà láti ẹ̀yìn òkè níbi tó ti ń pọnmi, kó sì máa ka iye ìgbà tó dún, torí ó mọ ẹni tó ṣeé ṣe kó wà níwájú ìbọn.

Nínú orí kejì, ẹ ní ẹ̀gbọ́n kọ lẹ́tà. Ta ló kọ́ ọ níwèé? Àrokò, ìyẹn ohun tí wọ́n fi ń jíṣẹ́ láìkọ̀wé, ni kó fi ránṣẹ́. Owó ẹyọ mẹ́fà tí wọ́n so pọ̀ túmọ̀ sí pé ọkàn mi fà sí ọ. Ẹyọ méjì tó kọ ẹ̀yìn síra wọn jẹ́ àmì ìkórìíra. Bí okùn bá wá já lójú ọ̀nà ńkọ́, tí ẹyọ kan sọnù? Orí kan gbáko wà nínú ìyẹn.

Ní ti ìpàdé wọn ní ìparí, ẹ gé gbogbo ọ̀rọ̀ gígùn tí ẹ fi sí wọn lẹ́nu. Wọ́n kó Àjàyí Crowther lẹ́rú ní Ọ̀ṣóògùn ní 1821, ní 1846 ló tó tún fojú kan ìyá rẹ̀ ní Abẹ́òkúta. Ohun tó kọ sílẹ̀ nípa ọjọ́ náà ni pé ìyá rẹ̀ gbọ̀n, kò gba ojú ara rẹ̀ gbọ́, wọ́n di ara wọn mú, wọ́n ń wo ara wọn láìfọhùn. Ọdún 25 ló wà nínú ìdákẹ́jẹ́ẹ́ yẹn. Ìpàdé yìí ni kí ẹ kọ́kọ́ tún kọ kí ẹ tó padà sí orí kìíní. Bí ẹ bá ti mọ ohun tí àwọn méjèèjì kò lè sọ fún ara wọn níbẹ̀, ẹ ó mọ ohun tó yẹ kó ṣẹlẹ̀ láti ìbẹ̀rẹ̀.