Ìbéèrè Yín: Ọjà Kò Jẹ́ Kí N Ráyè Gbàdúrà

Ìbéèrè: Olóòtú wa ọ̀wọ́n, aládìrẹ ni mí ní Ìtòkú, ní Abẹ́òkúta. Láti aago márùn-ún ìdájí ni mo ti ń múra ọjà, bí mo bá sì padà délé, oorun ló kù. Ọjọ́ Àìkú nìkan ni mo ń ṣí Bíbélì. Ṣé ìgbàgbọ́ mi kò ti máa kú lọ báyìí?

Ìdáhùn: Ẹ kú iṣẹ́ o, ìyá wa. Ẹni tí ìgbàgbọ́ rẹ̀ ti kú kì í kọ irú lẹ́tà yìí. Ẹ̀yin náà mọ̀ pé aṣọ tí a rì sínú aró lẹ́ẹ̀kan ṣoṣo kì í dúdú dáadáa. À ń yọ ọ́ kí afẹ́fẹ́ fẹ́ sí i, a ó sì tún rì í padà. Dáníẹ́lì, òṣìṣẹ́ ọba tí iṣẹ́ kún ọwọ́ rẹ̀, ń kúnlẹ̀ gbàdúrà lẹ́ẹ̀mẹ́ta lójúmọ́, a kò sì kà á níbì kan pé ó pẹ́ lórí ìkúnlẹ̀.

Ẹ ka ẹsẹ márùn-ún péré nínú Sáàmù kí ẹ tó jáde, kí ẹ sì máa ronú lé e lórí bí ẹ ti ń pàtẹ aṣọ. (Èmi a máa gbọ́ tèmi lórí fóònù nínú mọ́tò.) Nínú ọjà náà, ẹ rántí Òwe 11:1, tó ní ìwọ̀n èké jẹ́ ìríra lójú Olúwa, nígbà tí ẹ bá ń wọn ọ̀pá aṣọ fún oníbàárà, nítorí ibẹ̀ gan-an ni ìgbàgbọ́ ti ń hàn.

Ìpàdé àárín ọ̀sẹ̀ nìkan ni n kò ní bá yín yọ kúrò: bí ti Ọjọ́rú kò bá ṣeé ṣe, ẹ béèrè lọ́wọ́ àlùfáà yín bóyá òmíràn wà ní ìrọ̀lẹ́ Ọjọ́ Àìkú.